Ìgbà wo ni tíọ́rì ìbáṣepọ̀ orílẹ̀-èdè kúrò lórí ìwé lójú yín? Ẹ wá sọ ìrírí yín

Olùbéèrè

Ẹ kú déédéé ìwòyí o, ẹ̀yin ará. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ kọ́ ìmọ̀ ìbáṣepọ̀ láàárín orílẹ̀-èdè, tàbí tẹ́ ẹ ń kọ́ ọ lọ́wọ́, ìrírí yín ni mo fẹ́ gbọ́. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má wulẹ̀ kọ ìtumọ̀ realism (tíọ́rì tó ní agbára àti ààbò ara wọn ni orílẹ̀-èdè ń lé) àti liberalism (èyí tó ní òwò, òfin àti àjọ lè mú wọn fọwọ́ sowọ́ pọ̀) ránṣẹ́, ìyẹn kún inú ìwé. Ìgbà tí ọ̀rọ̀ náà ko yín lójú gan-an ni kẹ́ ẹ sọ, ì báà jẹ́ ní kíláàsì, ì báà jẹ́ lẹ́nu iṣẹ́. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ tèmi.

Olùkọ́ wa ló ní ká ṣe eré Ìgbìmọ̀ Ààbò Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé. Orílẹ̀-èdè mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ló ń jókòó níbẹ̀. Amẹ́ríkà, Rọ́ṣíà, Ṣáínà, Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì kì í kúrò. Àwọn mẹ́wàá yòókù ń lo ọdún méjì-méjì, ọ̀kan nínú wọn ni wọ́n sì fún mi. Èmi àti ẹnì kan la jọ kọ ìpinnu tí a fẹ́ kí wọ́n dìbò lé. A bẹ èyí, a tu tọ̀hún lójú, a yọ ìpínrọ̀ kan kúrò kí inú ẹnì kan lè dùn, a fi òmíràn kún un nítorí ẹlòmíràn. Nígbà tí ìbò dé, ẹni mẹ́rìnlá nawọ́ sókè. Ọmọbìnrin kan tó ń ṣojú ọ̀kan nínú àwọn alágbára márùn-ún ló ní òun ò fara mọ́ ọn. Kò ṣàlàyé, kò tiẹ̀ wo ojú ẹnikẹ́ni. Ibẹ̀ ni ìwé wa kú sí. Mo ti ka Abala 27 nínú ìwé òfin Àjọ náà ṣáájú àkókò yẹn o. Mo mọ̀ pé ìbò mẹ́sàn-án ni ìpinnu tó bá wúwo gbọ́dọ̀ ní, àti pé ọ̀kankan nínú àwọn márùn-ún ò gbọdọ̀ sọ pé rárá. Ṣùgbọ́n kíkà lọ́tọ̀, kó ṣẹlẹ̀ síni lọ́tọ̀.

Inú bí mi. Mo ní ìmọtara-ẹni-nìkan ló mú kí wọ́n kọ ọ́ bẹ́ẹ̀ lọ́dún 1945. Olùkọ́ ò bá mi jiyàn. Ó kàn ní kí n ro ohun tó ṣẹlẹ̀ sí Ìmùlẹ̀ Àwọn Orílẹ̀-Èdè (League of Nations), àjọ tó ṣáájú Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé, tó bẹ̀rẹ̀ lọ́dún 1920. Amẹ́ríkà ò wọ̀ ọ́ rárá. Japan àti Jámánì kéde lọ́dún 1933 pé àwọn ń lọ, Ítálì ṣe bẹ́ẹ̀ lọ́dún 1937, wọ́n sì lé ìjọba Soviet jáde lọ́dún 1939. Ó ní àwọn tó jókòó lọ́dún 1945 ti rí i pé ilé tí erin lè bínú jáde kúrò níbẹ̀ ò lè ká erin lọ́wọ́ kò, ni wọ́n bá fi veto, ẹ̀tọ́ tí alágbára kan ní láti dá nìkan fi "rárá" pa ìpinnu, ṣe ohun tí wọ́n á fi dá a dúró sínú ilé. Inú mi ò dùn sí i títí dòní, ṣùgbọ́n ó yé mi. Ọ̀rọ̀ tí àwọn realist máa ń tẹnu mọ́, pé kò sí ọba kankan tó ń jẹ lórí gbogbo orílẹ̀-èdè, ọjọ́ yẹn ni mo rí i lójúkojú.

Ó kàn yín.

Ọmọ Ogun Tútù

Olùbéèrè, eré ni ti èmi náà. Wàhálà Kúbà, oṣù October ọdún 1962, nígbà tí Soviet kó mísáìlì átọ́míìkì sí Kúbà. Wọ́n pín wa sí yàrá méjì, ìkan jẹ́ ìjọba Kennedy, ààrẹ Amẹ́ríkà, ìkejì jẹ́ ti Khrushchev, olórí Soviet. A ò gbọdọ̀ bá ara wa sọ̀rọ̀. Orí ìwé là ń kọ ọ́ sí, ẹnì kan ló sì ń gbé e lọ gbé e bọ̀ láàárín yàrá méjèèjì. A ò mọ̀ pé wọ́n ti ní kó máa fi falẹ̀. Ó ń mumi, ó ń ka ohun tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ara ògiri, lẹ́tà wa wà lápò rẹ̀.

Kò pẹ́ tí nǹkan fi dojú rú. Yàrá Amẹ́ríkà ni mo wà. A ò mọ ohun tí àwọn tọ̀hún ń gbèrò, ni a bá pinnu láti kó ọkọ̀ ogun díẹ̀ sí i jáde, a sì kọ̀wé sí wọn pé, "Ààbò lásán ni, ẹ má mikàn." Wọ́n ti gbọ́ nípa ọkọ̀ náà kí lẹ́tà tó dé. Àwọn náà fi tiwọn kún un. Bí a ṣe gbọ́ báyìí, gbogbo yàrá pariwo: "Ṣé ẹ rí i! A sọ bẹ́ẹ̀!" Ohun tí ìbẹ̀rù mú kí a ṣe níhìn-ín, ìmúra ogun ló jẹ́ lójú wọn lọ́hùn-ún, tiwọn náà sì rí bẹ́ẹ̀ lójú tiwa.

Nígbà tí eré parí, olùkọ́ tẹ́ gbogbo lẹ́tà sórí tábìlì kan ká wá wò ó. Lórí ìwé tiwa yẹn, ẹnì kan ti fi bírò pupa fa ìlà sábẹ́ "ààbò lásán ni", ó wá kọ "IRỌ́" gàdàgbà sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Mo mọ ọwọ́ ìkọ̀wé náà. Ọ̀rẹ́ mi tímọ́tímọ́ ni, a jọ wá sí kíláàsì láàárọ̀ ọjọ́ yẹn ni. Ohun tí àwa kọ sára tiwọn tiẹ̀ burú jù bẹ́ẹ̀ lọ, mi ò lè tẹ̀ ẹ́ síbí.

Onímọ̀ kan, John Herz, ló sọ nǹkan yìí lórúkọ lọ́dún 1950, ó pè é ní security dilemma. Robert Jervis tún un yẹ̀ wò lọ́dún 1978, ó ní ibi tó ti máa ń le jù ni ibi tí ohun èlò ìgbèjà àti ti ìkọluni bá ti jọra. Ọkọ̀ ogun kò ní àmì lára tó ń sọ pé ìgbèjà nìkan ni òun bá wá.

Nǹkan kejì tí mo kọ́ níbẹ̀ wá ju ti àkọ́kọ́ lọ. Ọmọkùnrin tó ń ṣe ọ̀gá àwọn ọmọ ogun ojú omi ní yàrá wa ti tẹ ọkọ̀ kan síwájú láìsọ fún ààrẹ wa. Ìwé ìtọ́ni tí wọ́n fún un ló ní kó ṣe bẹ́ẹ̀ bí aago bá lu báyìí. Yàrá kejì gbà pé ààrẹ wa ló pàṣẹ. Ó sì rí bẹ́ẹ̀ lọ́dún 1962 gan-an. Lọ́jọ́ 27 October, wọ́n yin U-2, ọkọ̀ òfuurufú amí ti Amẹ́ríkà, lulẹ̀ lókè Kúbà, ẹni tó ń wà á sì kú. Àwọn ọ̀gá ogun Soviet tó wà ní Kúbà ló pàṣẹ náà, àṣẹ ò ti Moscow wá. Ọjọ́ yẹn kan náà ni Khrushchev fi lẹ́tà tó le síta lórí rédíò, pé kí Amẹ́ríkà kó àwọn mísáìlì rẹ̀ kúrò ní Tọ́kì, bẹ́ẹ̀ lẹ́tà tó fi ránṣẹ́ lọ́jọ́ tó ṣáájú tutù jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹ fi ara yín sípò Kennedy. Ta lẹ máa sọ pé ó ń sọ̀rọ̀? Orí ọ̀rọ̀ yìí ni onímọ̀ òṣèlú Graham Allison kọ ìwé rẹ̀ lé lọ́dún 1971. Ó ní ká yé sọ pé "Soviet pinnu" bí ẹni pé ẹyọ èèyàn kan ni. Iléeṣẹ́ ọmọ ogun ní ìlànà tó ti mọ́ ọn lára, àwọn olóyè tó yí olórí ká sì ń fa okùn síhìn-ín sọ́hùn-ún. Láti ìgbà yẹn, bí oníròyìn bá ní "Amẹ́ríkà fẹ́ báyìí, Ṣáínà fẹ́ tọ̀hún", mo máa ń bi ara mi pé ta ni nínú wọn.

Lọ́dún 1963 ni Washington àti Moscow tó ní ẹ̀rọ tí iṣẹ́ ń gbà kọjá tààrà láàárín wọn. Ṣáájú ìgbà yẹn, bí lẹ́tà ṣe ń pẹ́ kó tó dé nínú eré wa kì í ṣe àwàdà.

Ògbufọ̀

Ẹ ṣeun fún èyí. Èmi ò kọ́ ọ nílé ẹ̀kọ́ gíga, iṣẹ́ ògbufọ̀ ló gbé mi débẹ̀.

Ìpàdé òwò láàárín ìjọba méjì ni, mi ò ní dárúkọ wọn. Nígbà tó fi máa di ọ̀sán, ó jọ pé ọ̀rọ̀ ti parí, àwọn kan tiẹ̀ ti ń palẹ̀ ìwé wọn mọ́. Ni ọ̀kan nínú àwọn olórí ikọ̀ bá gbé fóònù jáde. Mò ń wò ó láti ẹ̀yìn ilẹ̀kùn onígíláàsì, ó ń lọ, ó ń bọ̀, ó ń fọwọ́ nu iwájú orí. Nígbà tó wọlé padà, ó ní kí wọ́n tún ìpínrọ̀ tó kan àwọn àgbẹ̀ yẹ̀ wò, pé wọn ò ní gbà á nílé. Mo túmọ̀ rẹ̀, mo sì ń retí kí ẹni tó jókòó sí òdìkejì bínú. Kò bínú. Ó gbé bírò sílẹ̀, ó fi ohùn pẹ̀lẹ́ béèrè pé: "Mélòó ni wọ́n nílé aṣòfin?" Ẹ ò bá rí wọn! Alátakò méjì sún mọ́ ara wọn, wọ́n jọ ń ka iye ìbò ilé aṣòfin orílẹ̀-èdè ẹnì kan, èmi sì wà láàárín, mò ń túmọ̀ orúkọ ẹgbẹ́ òṣèlú lọ ràì.

Lẹ́yìn èyí ni mo ka ohun tí onímọ̀ òṣèlú Robert Putnam kọ lọ́dún 1988. Ó ní tábìlì méjì ni ẹni tó ń dúnàádúrà máa ń jókòó sí lẹ́ẹ̀kan náà, ọ̀kan níta, ọ̀kan nílé. Ó tún ní ẹni tí wọ́n dè lọ́wọ́ nílé lè tibẹ̀ lágbára níta, torí ó lè sọ pé, "Èmi gbà, àwọn tó wà nílé ni ò ní gbà." Mo wá ń ronú sí fóònù ọ̀sán yẹn lọ́tọ̀. Ọ̀gá mi, tó ti pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́, ní àwọn kan máa ń pe ìyàwó wọn, wọ́n á wá padà wọlé pẹ̀lú ojú líle.

Olùbéèrè, ìdí tí Amẹ́ríkà ò fi wọ Ìmùlẹ̀ tẹ́ ẹ mẹ́nu bà náà nìyẹn o. Ààrẹ Wilson ló ṣaájú àwọn tó dá a sílẹ̀, ó gbà á ní tábìlì Versailles lọ́dún 1919. Ilé aṣòfin àgbà nílé ló kọ̀ ọ́.

Ìdánwò Ku Ọ̀la

Ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n mi, èmi ò tíì rí ìpàdé kankan, ìdánwò nìkan ni mo ti rí. Wọ́n bi wá pé kí ló dé tí bọ́ǹbù átọ́míìkì márùn-ún lọ́wọ́ Kòríà Àríwá fi ń já Amẹ́ríkà láyà ju ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta lọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì lọ. Alexander Wendt, ọ̀kan nínú àwọn onímọ̀ constructivism, ló ni àpẹẹrẹ náà. Mo fi tíọ́rì náà dáhùn ún pé iye ohun ìjà nìkan kọ́ ni ìbẹ̀rù ń wò, ó ń wo ohun tí ẹni méjì ti jọ là kọjá àti ojú tí wọ́n fi ń wo ara wọn, àti pé ojú yẹn lè yí padà. Mo wá mú Faransé àti Jámánì wọlé: wọ́n jagun lọ́dún 1870, 1914 àti 1940, wọ́n sì jọ fọwọ́ sí àdéhùn èédú àti irin lọ́dún 1951.

Máàkì náà dára. Ṣùgbọ́n olùkọ́ kọ ọ́ sí etí ìwé mi pé: "Ta ló kó ọmọ ogun sí Jámánì ní gbogbo àsìkò yìí?" Amẹ́ríkà ló ń bá mi wí, àti NATO, àjọ ààbò tí òun àti àwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù kan jọ dá lọ́dún 1949. Ṣé Faransé ò bẹ̀rù Jámánì mọ́ torí wọ́n di ọ̀rẹ́ ni, àbí torí pé àgbà kan wà nílé? Ẹ ràn mí lọ́wọ́, mo tún máa kọ ọ́.

Kékeré Níyì

Kí n tó dá àbúrò lóhùn, ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tó mú mi bínú kúrò ní kíláàsì nígbà kan. Gbogbo ohun tẹ́ ẹ ń sọ látàárọ̀, Amẹ́ríkà, Soviet, Jámánì. Mo béèrè lọ́wọ́ olùkọ́ pé níbo ni àwọn kéékèèké wà. Ó ní Kenneth Waltz, ọ̀kan nínú àwọn realist ńlá, ti dáhùn lọ́dún 1979, pé ẹ̀rín lásán ni kéèyàn fi Malaysia àti Costa Rica gbé tíọ́rì òṣèlú àgbáyé kalẹ̀. Ó kọ ọ́ bẹ́ẹ̀ o, mo lọ wò ó. Mo wá lọ ka ìtàn Costa Rica, orílẹ̀-èdè kékeré tó wà ní Àárín Gbùngbùn Amẹ́ríkà, torí ìbínú.

Lọ́jọ́ 1 oṣù December ọdún 1948, José Figueres tó jẹ́ olórí wọn gbé òòlù ńlá, ó fi lu ògiri bárékè Bellavista níṣojú gbogbo èèyàn, ó ní àwọn ò ní ọmọ ogun mọ́. Wọ́n fi í sínú òfin orílẹ̀-èdè lọ́dún 1949. Bárékè náà ti di mùsíọ́ọ̀mù. Bẹ́ẹ̀, oṣù yẹn kan náà ni àwọn ọlọ̀tẹ̀ gba Nicaragua, orílẹ̀-èdè aládùúgbò, wọlé sí wọn, wọ́n tún gba ibẹ̀ wọlé lọ́dún 1955. Bí ẹ bá gbé e lé òṣùwọ̀n realism, ó yẹ kí orílẹ̀-èdè náà ti parẹ́, tàbí kó ti sáré kó ọmọ ogun jọ padà. Àjọ Àwọn Orílẹ̀-èdè Ilẹ̀ Amẹ́ríkà ló ké gbàjarè sí, àjọ náà sì dá sí i nígbà méjèèjì. Ó ṣì wà. Kò sì tíì ní ọmọ ogun.

Ọmọ Ogun Tútù

Ẹ̀gbọ́n, ẹ fi kan pamọ́ síkùn. Lọ́dún 1955 yẹn, ọkọ̀ òfuurufú ogun mẹ́rin ni Amẹ́ríkà tà fún wọn, dọ́là kan ni ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ẹ̀bùn nìyẹn, wọ́n kàn kọ owó sí i lára ni. Àgbà tí àbúrò wa ń bi ìdánwò rẹ̀ léèrè náà ló wà nílé fún Costa Rica.

Kékeré Níyì

Mi ò fi pamọ́, ẹ ò jẹ́ kí n parí ọ̀rọ̀ ni. Àdéhùn Rio ti ọdún 1947, tó ní ẹni tó bá kọlu ọ̀kan nínú orílẹ̀-èdè ilẹ̀ Amẹ́ríkà kọlu gbogbo wọn, ni àwọn aládùúgbò rẹ̀ náà fọwọ́ sí, Nicaragua, Honduras, gbogbo wọn. Abẹ́ àgbà kan náà ni wọ́n wà. Kí ló dé tí wọ́n ń kó ọmọ ogun jọ, tí ọ̀kan ṣoṣo sì tú ọmọ ogun tirẹ̀ ká? Agbára Amẹ́ríkà ò lè dáhùn ìyẹn, torí ó dọ́gba lórí gbogbo wọn. Ẹ ní láti wọ inú ilé Costa Rica lọ: ogun abẹ́lé tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ jà lọ́dún 1948 yẹn, àti Figueres tí kò fẹ́ kí ọmọ ogun kankan wà tó máa gba ìjọba lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Tábìlì inú ilé tí Ògbufọ̀ sọ nìyẹn.

Àbúrò Ìdánwò, mú èyí lọ dá olùkọ́ rẹ lóhùn. Bó bá tún kọ nǹkan sétí ìwé rẹ, gbé e wá síbí.