Ẹ̀yin tẹ́ ẹ máa ń gbé kámẹ́rà lọ bá àgbà, ẹ wá sọ tiyín

Èmi ni n ó kọ́kọ́ sọ tèmi. Ọ̀dọ̀ baba afíngbá kan ní Ọ̀yọ́ ni, kò jìnnà sí ọjà Akẹ̀sán. Dókúmẹ́ńtárì kékeré la fẹ́ ṣe nípa iṣẹ́ ọwọ́ ìlú náà.

Ọjọ́ àkọ́kọ́, yàrá iṣẹ́ wọn ṣókùnkùn díẹ̀, mo ní kí wọ́n tan gílóòbù. Mo ti yà tó wákàtí kan kí n tó rí i pé ìlà dúdú ń rìn kọjá lójú àwòrán. Iná wa nílẹ̀ yìí, 50 Hz ni, ìyẹn ni pé ó ń lọ ó ń bọ̀ nígbà 50 láàárín ìṣẹ́jú-àáyá kan; gílóòbù mìíràn a máa ṣẹ́jú lẹ́ẹ̀mejì ní àlọbọ̀ kọ̀ọ̀kan, ó di ìgbà 100. Ojú wa ò rí i, kámẹ́rà ń rí i. 1/60 ìṣẹ́jú-àáyá ni mo fi shutter sí, ìyẹn àkókò tí kámẹ́rà fi ń gba ìmọ́lẹ̀ fún àwòrán kọ̀ọ̀kan, bí mo ṣe kọ́ ọ nínú fídíò àwọn ará Amẹ́ríkà. 60 Hz ni tiwọn lọ́hùn-ún! Mo dá a padà sí 1/50, ìlà pòórá.

Ọjọ́ kejì gan-an lọ̀rọ̀ wà. Baba ń fa ọ̀bẹ lára igbá, wọn ò fi nǹkan kan sàmì tẹ́lẹ̀, ọnà kàn ń yọ ni. Àfi bí fókọ́ọ̀sì ṣe yẹ̀ mọ́ mi lọ́wọ́. Mo ní, "Baba, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa tún ibẹ̀ yẹn ṣe."

Wọ́n gbójú sókè. "Tún kí ni ṣe? Ọ̀bẹ tó ti kọjá, ṣé a lè pè é padà ni?"

Ọmọ wọn tó ń há igbá lẹ́gbẹ̀ẹ́ bú sẹ́rìn-ín. Mo dọ̀bálẹ̀. Ó di ọ̀sán ọjọ́ kẹta kí wọ́n tó mú igbá mìíràn. Nísinsìnyí, mo máa ń kọ́kọ́ jókòó wo oníṣẹ́ láìtan kámẹ́rà, títí n ó fi mọ ibi tí ọwọ́ rẹ̀ ń lọ.

Ọmọ Ajílété:
Tìrẹ tiẹ̀ dáa. Tèmi, Ògbómọ̀ṣọ́ níbí ni. Mo gbé ìyá àgbà kan jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ iwájú ilé nítorí ìmọ́lẹ̀ àárọ̀, máìkì wà láyà wọn. Ojú ọ̀nà sì ni. Ọ̀rọ̀ ò tíì délẹ̀ tí ẹnì kan á fi ní, "Ẹ kú ìjókòó o, Ìyá!" Ìyá á dáhùn, wọ́n á béèrè ọmọ, wọ́n á béèrè ìyàwó. Ẹnì kan tiẹ̀ wà tí wọ́n béèrè orúnkún bàbá ẹ̀ tó ń dùn ún. Ṣé kí n wá ní kí Ìyá má kí èèyàn ni? Ta ló bí mi!

Wákàtí méjì àbọ̀, ìṣẹ́jú 11 péré ni mo rí lò. Àṣé kíkí yẹn gan-an ni ẹni tó ń to fíìmù wa máa gbé ṣíwájú. Nígbà tá a gbé e fún Ìyá wò, wọ́n rí ọmọkùnrin yẹn lójú fíìmù, wọ́n yíjú sí mi: "Orúnkún bàbá ẹ̀ ti wá san bí?"