Òfin èdìdì oníidán: báwo ni ayédèrú kò ṣe ní rọrùn?

Ìbéèrè: Nínú ìtàn tí mò ń kọ, gbogbo ìwé àṣẹ ọba ló ní èdìdì oníidán. Kí ni kí òfin wọn sọ?

Ìdáhùn 1: Ẹ má fi idán sínú òǹtẹ̀ tí wọ́n fi ń tẹ èdìdì sára ìda nìkan, ẹni tó bá jí i ti di ọba nìyẹn. Ẹ so ó mọ́ ọ̀rọ̀ ìwé: bí wọ́n bá pa lẹ́tà kan rẹ́, kí ìda di dúdú. Kí okùn gba inú ìwé kọjá lábẹ́ ìda, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ wọ́n á fi ọ̀bẹ gbígbóná ṣí i, wọ́n á lẹ̀ ẹ́ mọ́ ìwé mìíràn.

Ìdáhùn 2: Bí ọba bá wàjà ńkọ́? Wọ́n máa ń ba òrùka èdìdì póòpù jẹ́ tó bá kú. Kí wọ́n fọ́ òǹtẹ̀ lójú ẹlẹ́rìí, kí ìwé àtijọ́ ṣì lágbára.

Olùbéèrè: Tí òjò bá pa ìwé ńkọ́?

Ìdáhùn 1: Ẹ̀dà kejì tó wà lọ́wọ́ ìjọba ni adájọ́ máa wò.