Ìwé Demos lórí Eunice Williams, ṣé ìtàn ni àbí àròsọ?

Ọmọ_Ìwé: Ẹ kú ilé o ẹ̀yin èèyàn mi. Olùkọ́ wa ní ká ka The Unredeemed Captive tí John Demos kọ ní 1994, mo ti kà á dé ìdajì, ó dùn gan-an, àmọ́ nǹkan kan ń dà mí láàmú. Ọmọ ọdún 7 ni Eunice nígbà tí àwọn Faransé àtàwọn ọmọ onílẹ̀ tó bá wọn ṣe ya wọ Deerfield ní Massachusetts, February 1704, wọ́n kó èèyàn 112, wọ́n fẹsẹ̀ rìn nínú yìnyín dé Kánádà, wọ́n tiẹ̀ pa ìyá ẹ̀ lọ́nà. Bàbá ẹ̀ tó jẹ́ pásítọ̀ rí ìdáǹdè, ó sì kọ ìwé ìgbèkùn tiẹ̀ jáde ní 1707. Ọmọ ní tiẹ̀ jókòó sọ́hùn-ún, kò kọ ìwé kankan. Báwo wá ni Demos ṣe mọ inú ẹ̀?

Àgbà_Òǹkàwé: Kò kúkú mọ̀ ọ́n! Tó bá dé ibi tí àkọsílẹ̀ ti tán, á ní "bóyá", á máa fojú inú wò ó, ẹ̀yin náà á sì rí i pé ó ń ṣe bẹ́ẹ̀. Lẹ́tà ló fi ń ṣiṣẹ́, àti dáyárì Stephen ẹ̀gbọ́n Eunice, àti ìròyìn John Schuyler, ọkùnrin ará Albany tó lọ bẹ Eunice pé kó padà wálé ní Kahnawake, abúlé àwọn ọmọ onílẹ̀ Mohawk ní Kánádà, ní 1713. Ó bẹ̀ ẹ́ títí, nǹkan bíi wákàtí méjì, gbogbo ohun tó rí gbọ́ kò ju "Jaghte oghte" lọ, ìyẹn ni pé bóyá kọ́. Ṣé tí àgbà ilé wa bá ní "a máa rí i", ẹ ò mọ̀ pé ó ti kọ̀ nìyẹn?

Iyán_Ogún_Ọdún: Èmi ò gbà fún un tán o. Bàbá àtàwọn ẹ̀gbọ́n ló kún inú ìwé yẹn torí àwọn ló mọ̀wéé kọ, ti àwọn Mohawk tó tọ́ ọmọ náà ńkọ́? Wọ́n máa ń fi irú ẹni bẹ́ẹ̀ rọ́pò òkú wọn, ó di ọmọ ilé, ó fẹ́ ọkùnrin Mohawk kan tó ń jẹ́ Arosen, ọ̀hún ló kú sí ní 1785. Ajàyí Crowther tiwa tí wọ́n kó l'Óṣogùn ní 1821, òun fúnra ẹ̀ ló kọ tiẹ̀ sílẹ̀.

Ọmọ_Ìwé: Ẹ ṣé gan-an. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ dé 1740 báyìí, Eunice àti ọkọ ẹ̀ wá kí Stephen, ògbufọ̀ ni wọ́n fi ń bára wọn sọ̀rọ̀, ọmọ ìyá kan náà o! Ẹ jẹ́ n parí ẹ̀ ná.