Ó wọ́n ni, àbí kò kárí? Ọ̀rọ̀ lórí igi tí a lọ́

Ẹ̀yin àgbà, ẹ kú iṣẹ́ èdè o. Mo kí yín láti Abẹ́òkúta.

Fún ẹni tí kò bá ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ yìí: ẹ̀gbọ́n wa kan ń kọ ìwé pélébé fún àwọn àgbẹ̀ agbègbè Ọ̀dẹ̀dá, ó sì nílò ọ̀rọ̀ méjì. Ó fẹ́ èyí tí yóò fi sọ pé ohun tí wọ́n ń pín kò tó iye àwọn tó ń retí rẹ̀. Ó tún fẹ́ orúkọ fún iṣẹ́ àwọn tó ń gé ọ̀mùnú mángòrò kan, tí wọ́n ń fi í sórí ìdí mángòrò mìíràn, tí méjèèjì á sì di igi kan. Ó ṣẹ̀dá "àìtópèsè" fún ti àkọ́kọ́, ó ṣẹ̀dá "àfòmọ́gi" fún èkejì. Àkọlé ìwé náà wá di "Àìtópèsè Àfòmọ́gi Mángòrò". Àwọn mélòó kan ti pàtẹ́wọ́ fún un. Ẹ̀gbọ́n, ẹ forí jì mí, ọwọ́ tèmi ò tíì pàdé ara wọn.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ yẹ "àìtópèsè" wò. "Àì" máa ń bá ọ̀rọ̀-ìṣe ṣiṣẹ́: àìsùn, àìgbọ́n, àìrówóná. Tí mo bá yọ "àì" kúrò lára tiyín, "tó pèsè" ló kù. Kí la máa ń fi irú "tó" bẹ́ẹ̀ sọ? Ọmọ náà ti tó gbéyàwó. Ó tó bá wọn jókòó. Ó tó dá ilé gbé. Ẹni tí kò tó pèsè, ẹni tí ọjọ́ orí tàbí ipò rẹ̀ ò tíì dé ibi tí wọ́n ti ń pèsè ni. Àgbẹ̀ tó bá ka àkọlé yẹn á rò pé ọmọdé kan ni wọ́n fi ṣe olórí ibi tí wọ́n ti ń pín igi.

Àti pé, ta ló sọ pé ọ̀rọ̀ ò sí nílẹ̀? Gbólóhùn ọ́fíìsì la máa ń gbé síwájú tí a ń wá orúkọ fún. A kì í bi ara wa pé kí ni ìyá tó ń tajà ní Kútọ̀ ń sọ nígbà tí nǹkan náà bá ṣẹlẹ̀ sí i. Ó sì ń ṣẹlẹ̀ sí i lemọ́lemọ́.

Ẹ rántí ọ̀rọ̀ owó tuntun. Ní oṣù kẹwàá ọdún 2022, báńkì àpapọ̀ kéde pé àwọn máa pààrọ̀ igba náírà, ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta náírà àti ẹgbẹ̀rún náírà. Gbèdéke tí wọ́n kọ́kọ́ dá fún owó àtijọ́ ni ọjọ́ 31 oṣù kìíní 2023, wọ́n sì sún un sí ọjọ́ 10 oṣù kejì. Láàárín ìgbà yẹn, owó pòórá lọ́wọ́ ará ìlú. Ẹni tó ní ẹgbẹ̀rún lọ́nà igba náírà ní báńkì, tí kò rí ẹgbẹ̀rún méjì gbà fi wọ mọ́tò, kò sọ pé "ọ̀dá owó dá mi". Tó bá sọ bẹ́ẹ̀, irọ́ ló pa, torí ẹni tí ọ̀dá owó dá ni ẹni tí kò ní. Ohun tó ń sọ ni pé "owó wọ́n". Ọ̀dá, àpò ẹni ló ń bá wí. Ọ̀wọ́n, ìta ló ń bá wí. Òjò pàápàá, dídá ló ń dá, kì í wọ́n, nítorí kò sọ́jà tí wọ́n ti ń tà á.

Ibi tó wá dùn jù nínú ọ̀rọ̀ yẹn ni ọ̀dọ̀ àwọn oní-POS. Ẹ ó san owó lé owó kí wọ́n tó fún yín lówó, iye tí wọ́n sì ń gbà lórí ẹgbẹ̀rún kan kò yéé ga. Nítorí náà, nígbà tí obìnrin aláṣọ àdìrẹ kan ní Ìtòkú bá sọ pé "owó wọ́n", ìtumọ̀ méjèèjì tí "wọ́n" ní ló péjọ sẹ́nu rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà: owó ò sí, owó sì gbówó lórí. Sílébù mẹ́ta péré! Kí ni "àìtópèsè" fẹ́ fi bá a dije?

Lọ́jà, ìtumọ̀ méjèèjì kì í sábà yapa. Ata tí kò sí ni ata tó gbówó lórí. Ìdàkejì rẹ̀ náà rí bẹ́ẹ̀: ohun tí ẹ bá rà lọ́pọ̀, owó pọ́ọ́kú lẹ rà á, torí pé ó pọ̀ nílẹ̀. (Ọ̀rẹ́ mi ọ̀wọ́n tí a fi ń bẹ̀rẹ̀ lẹ́tà, ibi kan náà ló ti ṣẹ̀ wá, ẹni tí a ò lè rí irú rẹ̀ rà.) Àmọ́ tí ìjọba bá dá iye mọ́ nǹkan lórí, ìtumọ̀ méjèèjì á pínyà. Kí oṣù karùn-ún 2023 tó parí, lítà epo bẹntiróòlù kan kò tó igba náírà lójú ìwé. Ohun tí ẹ fi ń mọ̀ pé ó wọ́n ni ọkọ̀ tó tò dé ojú títì, àti àwọn ọmọkùnrin tó gbé kẹ́ẹ̀gì lẹ́bàá ọ̀nà. Nígbà tí ìjọba yọ owó ìrànwọ́ orí epo, iye rẹ̀ fò kọjá 480 náírà, ìlà ọkọ̀ sì tú. Epo wà níbẹ̀. Agbára àtirà á ni kò sí. Síbẹ̀, "epo wọ́n" kan náà là ń sọ. Àwọn oníròyìn mìíràn ò tilẹ̀ wo ẹ̀yìn wò, "ọ̀wọ́ngógó" ni wọ́n pe ti ìṣáájú, òun náà ni wọ́n pe ti ìkẹyìn. Tèmi ni pé kí a fi ọ̀wọ́ngógó sílẹ̀ fún ìgbà tí nǹkan ò bá ṣeé rí rárá, kí a sọ pé epo gbówó lórí fún èkejì. Ẹ lè bá mi jiyàn. Ará ìlú náà ò tíì gbà fún mi.

Ọ̀rọ̀ ẹ̀gbọ́n wa kì í ṣe ti ọ̀wọ́n ṣá. Ọ̀rọ̀ pínpín ni. Ibẹ̀ gan-an ni "kárí" ti wúlò. Ní òde ìnáwó, ẹ lè rí kúlà ńlá mẹ́rin tó kún fún ìrẹsì ọ̀fadà, kí obìnrin tó ń bù ú sọ pé "ó pọ̀ o, àmọ́ kò lè kárí". Ẹ sì lè rí ìkòkò kékeré kan nínú ilé, kí ìyá wo ojú àwọn ọmọ kó ní "kò pọ̀, á kárí". Kì í ṣe "kò tó" náà nìyẹn o. Ẹnìkan ṣoṣo lè sọ pé oúnjẹ ò tó òun. Kò lè sọ pé oúnjẹ ò kárí òun. Kí "kárí" tó ṣiṣẹ́, èèyàn gbọ́dọ̀ pọ̀, ìpín gbọ́dọ̀ wà. Kí lẹ tún ń wá? Tó bá di dandan kí ó jẹ́ ọ̀rọ̀-orúkọ, "àìkárí" wà níbẹ̀, kò sí ẹni tí ẹ máa ṣàlàyé rẹ̀ fún.

Ó sì bá ohun tó ń ṣẹlẹ̀ lọ́dọ̀ àwọn tó ń tọ́jú igi títà mu. Kóró mángòrò kì í ṣe ohun tí èèyàn ń kó pamọ́ di ọdún tó ń bọ̀. Tó bá ti gbẹ, ó kú nìyẹn. Àsìkò mángòrò nìkan ni wọ́n lè rí kóró gbìn, àfi kí wọ́n sì tètè gbìn ín. Ọ̀mùnú tí wọ́n máa fi lé e lórí, orí igi kan tí wọ́n mọ adùn èso rẹ̀ ni wọ́n ti ń gé e, iye ọ̀mùnú tó wà lórí igi ọ̀hún sì níwọ̀n. Ẹ wá ro ti ọwọ́ tó máa ṣe é mọ́ ọn. Bí owó tiẹ̀ wà, bí wọ́n tiẹ̀ ń fún àwọn àgbẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́, kò lè kárí. Nǹkan ọ̀fẹ́ kò sì ṣeé pè ní ọ̀wọ́n.

Mo máa ń dúró wo ọkùnrin kan tó ń ṣe iṣẹ́ yìí lápá ọ̀nà Ọbáńtokò. Á gé orí ọmọ igi tí ìdí rẹ̀ ò ju pẹ́ńsù lọ, á fi abẹ la ojú ibi tó gé sí méjì. Á há ìdí ọ̀mùnú lọ́tùn-ún lósì títí á fi ṣe ṣóńṣó, á tì í bọ inú ibi tó là. Ohun tó máa ń wò jù ni awọ tútù tó wà lábẹ́ èèpo: ti òkè gbọ́dọ̀ kan ti ìsàlẹ̀, ó kéré tán lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Bí wọn ò bá pàdé níbẹ̀, iṣẹ́ òfo ni. Á fi ọ̀rá tẹ́ẹ́rẹ́ dì í pinpin, á da ọ̀rá mìíràn bo gbogbo rẹ̀ kí omi ara rẹ̀ má bàa gbẹ. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mélòó kan, tí ewé pupa bá yọ lórí rẹ̀, ọ̀rọ̀ kan ló máa ń sọ: "Ó ti yè." Irú igi bẹ́ẹ̀ lè so ní ọdún mẹ́ta sí mẹ́rin, èyí tó hù láti inú kóró máa ń pẹ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ dáadáa, ẹ ò sì lè fọwọ́ sọ̀yà pé èso rẹ̀ á jọ ti ìyá rẹ̀.

Tí ẹ bá bi í pé irú mángòrò wo nìyẹn, á ní "àgíríìkì". Ohun tí gbogbo ọjà ń pè é nìyẹn. Mi ò kórìíra àgíríìkì, ṣùgbọ́n adìẹ àgíríìkì wà, àgbàdo àgíríìkì wà, kò sì sẹ́ni tó gé orí adìẹ kan lé ìdí adìẹ mìíràn. Kò lè dá iṣẹ́ yìí nìkan dúró fún.

"Àfòmọ́gi" ńkọ́? Ẹ̀gbọ́n, ibí yìí ni ìjà wa wà. Àfòmọ́ tí gbogbo àgbẹ̀ mọ̀ ni èyí tí ẹyẹ ń já èso rẹ̀ jẹ, tí kóró rẹ̀ á lẹ̀ mọ́ ẹ̀ka obì tàbí kòkó tàbí ọsàn, tí á hù níbẹ̀, tí á máa mu omi ara igi onígi. Àdá ni wọ́n fi ń kí i káàbọ̀. Ẹ wá fẹ́ kó owó wọn fún un? Àwọn àgbà ti parí ẹjọ́ rẹ̀ tipẹ́: àfòmọ́ ò ní gbòǹgbò, igi gbogbo ní í bá tan. Lóòótọ́, ọ̀mùnú tí ọkùnrin yẹn fi lé ìdí igi náà ò ní gbòǹgbò tirẹ̀. Ṣùgbọ́n kì í bá igi gbogbo tan. Ọsàn mímu máa ń jókòó dáadáa sórí ìdí ọsàn kíkan, torí ọmọ ìyá ni wọ́n. Ẹ gbé e lé ìdí mángòrò, kíkú ló máa kú. Mo tún rántí pé àwọn onígírámà ti gba àfòmọ́ lọ́wọ́ yín: "àì" tó wà níwájú "àìtópèsè" yẹn gan-an, àfòmọ́ ìbẹ̀rẹ̀ ni wọ́n ń pè é.

"Lọ́" ló ni iṣẹ́ yìí. Ẹni tó bá ti gbọ́ ìwé Róòmù orí 11 ní ṣọ́ọ̀ṣì Aké tàbí níbikíbi ti gbọ́ ọ: a ya ẹ̀ka kan kúrò, a lọ́ òmíràn sára igi òróró náà. Róòmù wà lára ohun tí Àjàyí Crowther kọ́kọ́ mú jáde ní Yorùbá, ní 1850, ọdún mẹ́rin lẹ́yìn tó wọ Abẹ́òkúta. Pọ́ọ̀lù yí iṣẹ́ náà po ṣá, torí ẹ̀ka igbó ló lọ́ sára igi rere, ọkùnrin Ọbáńtokò á sì rẹ́rìn-ín tó bá gbọ́. Ẹ̀ka rere ni òun ń lọ́ sórí ìdí igbó. Pọ́ọ̀lù fúnra rẹ̀ kúkú sọ pé ó lòdì sí ti ẹ̀dá.

Ẹnìkan ti sọ pé lọ́ ti ní iṣẹ́ púpọ̀ jù: a ń lọ́ aṣọ fún omi, a ń lọ́ ata láti ibi tí a dà á sí lọ sórí ebè. Bẹ́ẹ̀ ni. Ti ata gan-an ló mú kí n fara mọ́ ọn, nítorí nínú méjèèjì, a mú nǹkan kúrò níbi tó wà kó lè yè níbòmíràn. Ẹ fi "sórí" tàbí "sára" tẹ̀ lé e, kò sẹ́ni tó máa ṣì í gbọ́: wọ́n lọ́ mángòrò yìí sórí ìdí òmíràn.

Ohun kan ṣoṣo tí mo fẹ́ kí a ṣọ́ra fún ni kí ẹnikẹ́ni má sọ ọ́ di "igi àlọ́". Ẹ gbé igi àlọ́ síwájú àwọn ọmọ iléèwé, wọn á ní "Ààlọ̀!", wọn á sì máa retí ìjàpá. Tí ẹ bá ń wá orúkọ fún iṣẹ́ náà, ẹ lè lo "ìlọ́gi". Igi tó ti ibẹ̀ jáde, "èyí tí a lọ́" tó o. Apá òkè ni ọ̀mùnú, ti ìsàlẹ̀ ni ìdí, bí ọkùnrin yẹn ṣe ń pè wọ́n.

Àkọlé tí mo dábàá nìyí, ẹ̀gbọ́n: "Mángòrò Tí A Lọ́ Kò Kárí". Ẹ kàn bá mi sọ fún ẹni tó máa tẹ̀ ẹ́ pé kó má fi àmì orí "lọ́" ṣeré. Mángòrò tí a lọ̀ náà wà. Inú ife ni wọ́n ti ń mu ún.