Lórí orúkọ tó yẹ ẹ́tánọ́ọ̀lù, àti lórí ohun tí à ń pè ní ọ̀wọ́n

Ẹ̀yin akẹgbẹ́ mi nínú iṣẹ́ èdè, mo kí yín o.

Mo fẹ́ dá sí ọ̀rọ̀ tó wà nílẹ̀ lórí àkọsílẹ̀ ọjà tí ọ̀kan nínú wa ń túmọ̀, èyí tó dá lórí ẹ́tánọ́ọ̀lù tí àwọn oníṣòwò ń kó wọ Nàìjíríà àti bí iye rẹ̀ ṣe ń lọ sókè tó ń bọ̀ wálẹ̀. Fún àǹfààní ẹni tí kò bá wa níbẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, gbólóhùn tó fa àríyànjiyàn ni èyí: "Ọ̀wọ́n ògógóró ilé-iṣẹ́ ń pọ̀ sí i láti ọdún 2023." Àwọn kan fara mọ́ "ògógóró ilé-iṣẹ́" nítorí pé kò sí Yorùbá tí kò mọ ògógóró. Ẹnì kan dábàá "ẹ̀mí ọtí". Ẹlòmíràn ní kí a kàn kọ "ẹ́tánọ́ọ̀lù" kí a sì máa bá iṣẹ́ lọ. Orúkọ nìkan ni gbogbo wa ń jà lé lórí, ṣùgbọ́n lójú tèmi, ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ nínú gbólóhùn náà, "ọ̀wọ́n", ní ìṣòro tirẹ̀ tí kò kéré sí ti orúkọ. Ẹ jẹ́ kí n mú orúkọ ṣáájú.

Ẹ́tánọ́ọ̀lù ni ohun tó ń jẹ́ kí ọtí máa pa ènìyàn. Ó wà nínú ẹmu tó ti kan, ó wà nínú ṣẹ̀kẹ̀tẹ́, ó wà nínú bíà, ó sì wà nínú ògógóró, ṣùgbọ́n ìwọ̀n rẹ̀ nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan yàtọ̀ gan-an. Ìwúkàrà ló ń sọ ṣúgà di ẹ́tánọ́ọ̀lù, yálà ṣúgà inú ìrèké ni, tàbí ti àgbàdo àti gbágùúdá tí a ti kọ́kọ́ sọ sítáàṣì wọn di ṣúgà. Bí wọ́n bá wá sè é, tí wọ́n gba ooru rẹ̀, tí wọ́n sì jẹ́ kí ooru náà tutù padà di omi léraléra, yóò dé orí nǹkan bí 96 nínú 100, kò sì ní kọjá ibẹ̀ pẹ̀lú sísè lásán. Èyí tó dé 96 yìí ni ọkọ̀ ojú omi ń gbé wá sí Àpápá, òun sì ni àwọn tó ń ta kẹ́míkà ní Ọjọ́ta ń bù sínú dúrọ́ọ̀mù àti kẹ́ẹ̀gì. Àwọn tó ń ṣe ọtí líle ń rà á, ṣùgbọ́n àwọn tó ń ṣe oògùn, lọ́fíńdà, ọ̀dà àti yíǹkì náà ń rà á. Ní ọdún 2020, nígbà àrùn kòrónà, ìlànà tí Àjọ Ìlera Àgbáyé ti là sílẹ̀ ṣáájú fún pípo oògùn ìpawọ́, èyí tí a fi ń pa kòkòrò àrùn lọ́wọ́, ní kí a lo mílílítà 8,333 ẹ́tánọ́ọ̀lù alágbára 96 fún gbogbo lítà 10 tí a bá fẹ́ pò. Ẹni tó bá ka "ògógóró" nínú irú ìlànà bẹ́ẹ̀ yóò lọ ra ògógóró lọ́wọ́ ẹni tó ń tà á, agbára ìyẹn kò sì tó ìlàjì ohun tí ìlànà ń béèrè lọ́pọ̀ ìgbà. Orúkọ yẹn ti ṣi ènìyàn lọ́nà kó tó dé ibi kankan.

Ṣùgbọ́n kì í ṣe èyí ló ń bà mí lẹ́rù jù. Ní oṣù Kẹrin ọdún 2015, ènìyàn tó lé ní 15 kú láàárín ọjọ́ díẹ̀ ní Òde-Ìrèlè, ní Ìpínlẹ̀ Òndó. Orí ń fọ́ wọn, ojú wọn ń ṣú, àwọn mìíràn kò ríran mọ́ rárá kí wọ́n tó kú. Àwọn kan sọ pé ìbínú òrìṣà ni, àwọn mìíràn ní oògùn tí wọ́n fi ń pa koríko lóko ni. Nígbà tó yá ni àyẹ̀wò fi hàn pé mẹ́tánọ́ọ̀lù ni, nínú ògógóró tí wọ́n mu. Mẹ́tánọ́ọ̀lù jọ ẹ́tánọ́ọ̀lù lójú, òórùn wọn súnmọ́ ara, àwọn méjèèjì mọ́ gaara bí omi. Inú ara ènìyàn ni ìyàtọ̀ ti ń hàn, nítorí pé ara ń sọ mẹ́tánọ́ọ̀lù di oró tó ń ba ojú jẹ́, tó sì ń pa ènìyàn, díẹ̀ báyìí sì ti tó láti fọ́ ojú. Púpọ̀ nínú rẹ̀ lóde òní kò ti ara ewéko wá rárá. Gáàsì abẹ́ ilẹ̀ tàbí èédú ilẹ̀ ni wọ́n sábà fi ń ṣe é, ó sì sábà máa ń rọjú ju ẹ́tánọ́ọ̀lù lọ. Níbi ìyàtọ̀ iye yẹn ni ìdánwò wà fún ẹni tó fẹ́ fi àbòsí jèrè. Nítorí náà, nígbà tí a bá ń sọ pé ọ̀rọ̀ iye ọjà lásán ni àkọsílẹ̀ yìí, ẹ jẹ́ kí a rántí pé iye ọjà kan náà ló lè sún ènìyàn láti fi oró pò mọ́ ọtí.

Ìdí nìyí tí n kò fi fara mọ́ "kọ ẹ́tánọ́ọ̀lù kí o máa lọ". Ẹ pe àwọn ọ̀rọ̀ méjèèjì sókè: ẹ́tánọ́ọ̀lù, mẹ́tánọ́ọ̀lù. Kọ́ńsónáǹtì kan ṣoṣo ló yà wọ́n. Ẹni tó ń gbọ́ ọ lórí fóònù láàárín ariwo ọjà kò ní mọ èyí tí a pè. Mo tún kìlọ̀ lórí àbá kan tí ẹnì kan mẹ́nu bà fẹ́rẹ́ tó sì kọjá lọ, pé kí a pe mẹ́tánọ́ọ̀lù ní "ọtí igi" nítorí pé láyé àtijọ́, igi ni àwọn Òyìnbó ń sè kí wọ́n tó rí i yọ. Fún Yorùbá, kí ni ọtí igi bí kò ṣe ẹmu? Orí ọ̀pẹ ni wọ́n ti ń dá a, ara igi ògùrọ̀ ni wọ́n ti ń gbà á. A kò gbọdọ̀ fi orúkọ ohun tí àwọn bàbá wa ń mu pe oró. Àní, ọ̀rọ̀ náà "ọtí" kò gbọdọ̀ fara kan mẹ́tánọ́ọ̀lù níbikíbi nínú àkọsílẹ̀ wa. Mo dábàá "omi afọ́nilójú", kí ẹni tó bá kà á lára kẹ́ẹ̀gì mọ ohun tí yóò ṣe fún òun.

Fún ẹ́tánọ́ọ̀lù, àbá mi ni "èròjà-ọtí", kí a kọ ọ́ tẹ̀lé ẹ́tánọ́ọ̀lù nígbà àkọ́kọ́ tó bá jẹyọ, kí a sì máa lò ó lọ láti ibẹ̀. Kò sọ pé ọtí ni. Ó sọ pé ohun tó ń bẹ nínú ọtí ni. Ohun tó sì mú mi fẹ́ràn rẹ̀ jù ni pé ó gba àwọn ọ̀rọ̀ tí àwọn ẹlẹ́mu ti ń lò tipẹ́. Ìyá bàbá mi ta ẹmu títí ó fi dàgbà, n kò sì gbọ́ kó ṣàṣìṣe láàárín ògidì àti àbùlà láéláé. Ògidì ni èyí tí wọn kò fi omi là. Àbùlà ni èyí tí omi ti wọ̀. Èyí tó dé orí 96, kí a pè é ní ògidì èròjà-ọtí. Èyí tí wọ́n ti fi omi là láti fi ṣe ọtí mímu, àbùlà ni. Èyí tí wọ́n tún fi ọgbọ́n mìíràn fa ìyókù omi inú rẹ̀ jáde kí wọ́n lè pò ó mọ́ epo mọ́tò, bí wọ́n ti ń ṣe ní Bràsíl láti ìgbà tí ìjọba wọn ti dá ètò ẹ́tánọ́ọ̀lù sílẹ̀ ní ọdún 1975, ẹ jẹ́ kí a pè é ní èròjà-ọtí gbígbẹ.

Ó ku èyí tí àwọn aṣọ́bodè ń yà sọ́tọ̀. Nínú ìwé nọ́ńbà ọjà tí gbogbo àgbáyé ń lò, 2207.10 ni èyí tí a kò fi nǹkan kan bà jẹ́, tí agbára rẹ̀ dé 80 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, 2207.20 ni èyí tí wọ́n ti mọ̀ọ́mọ̀ fi ohun kíkorò tàbí olóró sí kí ẹnikẹ́ni má baà lè mu ún. Ẹni tó túmọ̀ àkọsílẹ̀ yìí pe ìkejì ní "ògógóró tó bàjẹ́". Ẹni tó bá kà á yóò rò pé ó ti pẹ́ jù nínú àgbá. "Èròjà-ọtí aláìṣeému" ló sọ ohun tó wà níbẹ̀ gan-an.

Ní ti "ẹ̀mí ọtí", mo bọ̀wọ̀ fún ẹni tó mú un wá, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ Òyìnbó náà, "spirit", ló yí padà wẹ́rẹ́. Ẹ̀mí lédè wa ni ohun tó ń mú ènìyàn mí. N kò tíì rí ẹlẹ́mu tó sọ pé ẹmu òun ní ẹ̀mí.

Mo wá dé orí ọ̀wọ́n, níbi tí ọkàn mi wà jù. Nínú èdè wa, ohun tó wọ́n lè jẹ́ èyí tí a kò rí rà, ó sì lè jẹ́ èyí tí owó rẹ̀ ga. Bẹ́ẹ̀ náà ni àwọn àgbà máa ń sọ pé ọjà pọ̀, tí wọ́n sì ní in lọ́kàn pé owó rẹ̀ wálẹ̀. Ọ̀rọ̀ kan ló ń jẹ́ méjì, kò sì ṣèèṣì. Ní ọjà ọlọ́jọ́ márùn-ún tí iṣu àti àgbàdo ti ń wá láti oko tí kò jìnnà, bí nǹkan bá pọ̀ owó rẹ̀ yóò já, bí kò bá sì sí, owó yóò gun òkè. Àwọn tó dá èdè yìí rí i pé ohun kan náà ni, wọ́n sì fún un ní orúkọ kan. (Nítorí èyí náà ni "ọ̀wọ́n ń pọ̀ sí i" fi ń ta létí ẹni tó gbọ́ Yorùbá ọjà. Ó dà bí ìgbà tí a ní òtútù ń gbóná.)

Ọjà ìkówọlé kò rí bẹ́ẹ̀ mọ́. Ẹ jẹ́ kí n fi ìṣirò kan hàn, kì í ṣe iye tí ẹnikẹ́ni tà á. Ká ní lítà kan ẹ́tánọ́ọ̀lù dé èbúté ní dọ́là kan. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2023, nígbà tí dọ́là wà ní nǹkan bí ₦460 ní báńkì, ₦460 ni lítà náà. Ìjọba tú pàṣípààrọ̀ náírà sí dọ́là sílẹ̀ ní oṣù Kẹfà ọdún yẹn, kí ọjà fúnra rẹ̀ máa dá iye rẹ̀; nígbà tí oṣù Kejì ọdún 2024 máa fi parí, dọ́là ti kọjá ₦1,500. Lítà kan náà, dọ́là kan náà, ó ti lé ní ìlọ́po mẹ́ta. Ẹ́tánọ́ọ̀lù kò tán ní Bràsíl tàbí ní Amẹ́ríkà, àwọn orílẹ̀-èdè méjì tó ń ṣe é jù lọ láyé. Ó lè kún táǹkì ní Àpápá, kí ẹni tó ń ṣe oògùn má sì lè rà á. Tí a bá kọ "ọ̀wọ́n" lásán síbẹ̀, òǹkàwé yóò rò pé ọjà ni kò sí, ẹni tó bá sì rò bẹ́ẹ̀ lè sáré lọ kó dúrọ́ọ̀mù pamọ́, ìyẹn gan-an ni yóò sì wá dá ọ̀wọ́n sílẹ̀.

Ẹnì kan ti dábàá "ọ̀wọ́n owó" fún irú èyí. Kò ní ṣiṣẹ́. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2023 náà, nígbà tí wọ́n pààrọ̀ owó náírà tí ènìyàn sì ń tò sí ẹnu báńkì láti òwúrọ̀, "ọ̀wọ́n owó" ni gbogbo wa pè é, ìtumọ̀ náà sì ti jókòó. Àbá tèmi ni "ọ̀wọ́n pàṣípààrọ̀", fún ọ̀wọ́n tó wá láti ara bí náírà ṣe ń pààrọ̀ sí dọ́là.

Kí a sì pe èyí tó wá láti ibi tí wọ́n ti ń gbin ín ní "ọ̀wọ́n oko". Irú tirẹ̀ wà dáadáa. Ní Bràsíl, ilé-iṣẹ́ kan náà ló lè sọ ìrèké di ṣúgà tàbí di ẹ́tánọ́ọ̀lù. Bí ṣúgà bá ń pa owó, púpọ̀ nínú ìrèké náà yóò gba ọ̀nà ṣúgà lọ, ẹ́tánọ́ọ̀lù yóò sì dín kù. Nílé níbí pẹ̀lú, níbi tí a ti ń gbin gbágùúdá ju orílẹ̀-èdè èyíkéyìí lọ, gàrí ló ń dá iye lé gbágùúdá. Ẹ́tánọ́ọ̀lù tí tọ́ọ̀nù kan gbágùúdá tútù lè mú jáde kò ju nǹkan bí 150 sí 180 lítà lọ. Ní ọdún tí gàrí bá gbówó lórí, àgbẹ̀ wo ni yóò ta tirẹ̀ fún ilé-iṣẹ́ ẹ́tánọ́ọ̀lù ní owó tí ilé-iṣẹ́ náà lè san? Ìdí pàtàkì kan nìyí tí a fi ń ra ti ìrèké ẹlòmíràn. Ní ti owó tí ń gorí ọjà láti ọwọ́ aṣọ́bodè, a kò nílò ọ̀rọ̀ tuntun: owó-bodè ti wà láti ìgbà tí oníbodè ti ń jókòó sí ẹnu ìlú.

Fún bí iye ṣe ń lọ láti oṣù dé oṣù, "ìrìn iye ọjà" tẹ́ mi lọ́rùn, n kò sì ní bá ẹni tó bá yan "ìlọ-bọ̀ iye" jà. Ohun tí mo bẹ̀ ni pé kí olùtumọ̀ wa má ṣe pa lítà pọ̀ mọ́ tọ́ọ̀nù, nítorí ẹ́tánọ́ọ̀lù fúyẹ́ ju omi lọ: tọ́ọ̀nù kan ògidì alágbára 96 tó nǹkan bí 1,240 lítà. Ojú ìwé kejì àkọsílẹ̀ náà ṣírò rẹ̀ ní 1,000, iye owó lítà kọ̀ọ̀kan tó wà nínú tábìlì ibẹ̀ sì ti ga ju bó ṣe yẹ lọ nítorí èyí.

Bí mo bá ni yóò kọ gbólóhùn tó dá gbogbo èyí sílẹ̀, báyìí ni ǹ bá ṣe kọ ọ́: "Láti oṣù Kẹfà ọdún 2023 ni ọ̀wọ́n pàṣípààrọ̀ ti mú kí iye ògidì èròjà-ọtí tí wọ́n ń kó wọlé gun òkè ní náírà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọjà náà kò ṣọ̀wọ́n ní èbúté." Ẹ jọ̀wọ́, ẹ yẹ̀ ẹ́ wò, kí ẹni tó bá rí àbùkù nínú rẹ̀ sọ ọ́ kí olùtumọ̀ wa tó fi iṣẹ́ náà ránṣẹ́ lọ́jọ́ Ẹtì.