Èsì lórí Yente: "Òfòófóyẹmí" kì í ṣe orúkọ

Ẹ̀yin àgbà ọ̀jẹ̀, ẹ̀yin ọ̀jẹ̀ wẹ́wẹ́, mo kí yín o.

Fún ẹni tí kò tí ì ka ohun tó ń lọ: àbúrò wa obìnrin kan ń túmọ̀ ìtàn kúkúrú kan láti èdè Yiddish, èdè àwọn Júù ìlà-oòrùn Yúróòpù, ó wá béèrè bí òun ṣe máa kọ orúkọ ìyá arúgbó inú rẹ̀, Yente. Ìlú kékeré kan ní Póláńdì ni ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀, ṣáájú ọdún 1900. Ẹ̀gbọ́n wa ará Abẹ́òkúta dá a lóhùn pé olófòófó ni Yente túmọ̀ sí lẹ́nu àwọn ará Amẹ́ríkà, pé bó ti jẹ́ orúkọ ènìyàn, kó kọ ọ́ ní Òfòófóyẹmí, nítorí pé Yen- inú Yente àti -yẹ- inú yẹmí bára mu létí. Kí ilẹ̀ tó mọ́, ọ̀pọ̀ yín ti pàtẹ́wọ́ sí i.

Èmi ò lè pàtẹ́wọ́. Ọ̀rọ̀ náà bí mi nínú.

Ká kọ́kọ́ gbé ti ohùn kúrò nílẹ̀. Òfófó ni ọ̀rọ̀ náà: ìsàlẹ̀, òkè, òkè. Fáwẹ̀lì gígùn tí ẹ̀gbọ́n rí nínú olófòófó, oní- ló bí i. Bí oní- bá pàdé ọ̀rọ̀ tó fi ohùn ìsàlẹ̀ bẹ̀rẹ̀, tí ohùn òkè sì tẹ̀lé e, ìpajẹ á wáyé, fáwẹ̀lì kan á pòórá, ohùn ìsàlẹ̀ tí kò rí ibi dúró á sì sá wọ inú sílébù tó kàn. Ìlú di onílùú, ìwé di oníwèé, ọ̀rẹ́ di ọlọ́rẹ̀ẹ́, òfófó di olófòófó. Yọ oní- kúrò, òfófó á padà sí bó ṣe wà. Mo mọ̀ pé àwọn kan ń kọ òfòófó láìsí oní- níwájú rẹ̀. Àṣìkọ ni, ì báà jẹ́ Ẹ̀gbá ló kọ ọ́, ì báà jẹ́ Ọ̀yọ́.

Èyí tó dùn mí jù ni -yẹmí. Ẹ wo ohun tó ń ṣáájú rẹ̀ nínú orúkọ: Adéyẹmí, Oyèyẹmí, Akínyẹmí, Ọláyẹmí, Fáyẹmí, Ògúnyẹmí. Adé ni, oyè ni, ọlá ni, tàbí òrìṣà tí ìdílé ń bọ. Ipò àpọ́nlé ni ipò yẹn, kì í ṣe ìjókòó ẹnikẹ́ni tó bá ṣáà dé. Kódà àbíkú, tí àwọn òbí mọ̀ọ́mọ̀ fún ní orúkọ ẹ̀gàn kó má baà wu ikú, a kì í gbé ẹ̀gàn náà sí iwájú -yẹmí. Ajá ni wọ́n ń sọ ọ́, tàbí Kòsọ́kọ́, tàbí Ìgbẹ́kọ̀yí. Ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Ilé ta ni wọ́n wò tí wọ́n fi sọ ọmọ ní Òfòófóyẹmí?

Ẹ̀gbọ́n ti rán wa létí pé òun ti ń kọ́ ọmọ ní Yorùbá nígbà tí àwa kan ṣì ń pe a, b, d. Òótọ́ ni, mo sì ń bọ̀wọ̀ fún un látọkàn wá. Ṣùgbọ́n ọjọ́ orí ẹni tó dá ọ̀rọ̀ sílẹ̀ kò lè gbè mọ́fíìmù, ìyẹn ẹyọ ọ̀rọ̀ tó kéré jù tó ní ìtumọ̀, tó jókòó síbi tí kò yẹ ẹ́.

Ó yá, ẹ jẹ́ ká wo orúkọ náà fúnra rẹ̀, torí mi ò rí ẹnì kankan láàárín yín tó wò ó. Kí àwọn Júù wọ̀nyí tó dé Póláńdì, ẹ̀bá odò Rhine ní Jámánì ni ọ̀pọ̀ baba ńlá wọn gbé, ní Mainz, ní Worms, ní Speyer. Ìwé àdúrà kan láti Worms ni gbólóhùn Yiddish tó ní déètì tó pẹ́ jù lọ wà, ọdún 1272 ni. Àwọn kan lára àwọn ará Rhine yìí ti Ítálì àti ilẹ̀ Faransé wá síbẹ̀. Èdè Jámánì ló pọ̀ jù nínú Yiddish, Hébérù àti Árámáíkì wà níbẹ̀, ti àwọn Slav, irú àwọn ará Póláńdì àti Rọ́ṣíà, kún un nígbà tí wọ́n lọ sí ìlà-oòrùn. Ṣùgbọ́n ìwọ̀nba ọ̀rọ̀ kan wà tí wọ́n gbé wá láti inú àwọn èdè ọmọ Látìn. Bentshn, kí a súre, láti ara benedicere. Leyenen, kí a kàwé, láti ara legere. Orúkọ àwọn obìnrin wà lára ẹrù yìí: Toltse láti ara dolce, adùn; Bune láti ara bona, rere; Yentl láti ara gentile, ẹni tí a bí ire, ẹni tí ìwà rẹ̀ tutù. Bí a bá tọ gentile dé ọ̀dọ̀ Látìn, gentilis ló máa jẹ́, ọmọ ìdílé kan náà, èyí tó wá láti ara gens, ìdílé tàbí ìran.

Nítorí náà, Yen- tí ẹ̀gbọ́n so mọ́ yẹ, gen- ni nígbà àtijọ́, ìbí àti ìran ló sì ń sọ. Bí orúkọ yìí bá máa ní ọmọ ìyá kankan nínú èdè wa, bí ni, kì í ṣe yẹ. A sì ní i: Bíbíire. A kúkú ń sọ ọ́ pé bíbíire ò ṣe é fowó rà. Ẹ wo bí ìtumọ̀ méjèèjì ṣe jìnnà síra wọn, èyí tí orúkọ náà gbé bọ̀ láti Ítálì àti èyí tí a fẹ́ fi bo ìyá arúgbó yìí lójú.

Ọ̀rọ̀ l inú Yentl ló dùn mọ́ mi jù nínú gbogbo rẹ̀, ẹ jọ̀wọ́, ẹ gbà mí láyè. Nínú Yiddish, -l ni wọ́n ń fi ké ọmọ, tí wọ́n ń fi sọ nǹkan di kékeré: Reyzl láti ara òdòdó róòsì, Sheyndl láti ara ẹwà. L ti Yentl kì í ṣe irú rẹ̀. Ara gentile ló ti wá, gbòǹgbò ni. Ṣùgbọ́n etí àwọn ìyá gbọ́ ọ bí -l ìkẹ́, wọ́n sì gé e kúrò kí wọ́n lè rí "odidi" orúkọ. Yente ló kù. Bẹ́ẹ̀ ni àwọn atúmọ̀-èdè ṣe tò ó: Yentl ni ẹ̀gbọ́n, Yente ni àbúrò, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹni tó bá gbọ́ wọn lónìí á rò pé òdìkejì ni. Ìyá bàbá mi kò ní fara mọ́ irú gígé bẹ́ẹ̀. Bí a bá pe ènìyàn ní Ṣẹ́gun níwájú rẹ̀, á bi wá pé ta ló ṣẹ́gun, pé Olúṣẹ́gun ni bàbá ọmọ náà sọ ọ́. Àwọn àgbà tó ń fi odidi ẹnu pe odidi orúkọ ti ń tán lọ, ó sì ń dùn mí.

Kí ló dé tó jẹ́ pé lára obìnrin ni irú orúkọ àtijọ́ yìí ti ṣẹ́ kù? Ọkùnrin Júù ní láti ní orúkọ mímọ́ ní Hébérù, èyí tí wọ́n fi ń pè é wá síbi Tórà, ìwé òfin Mósè, nínú sínágọ́gù. Wọn kì í pe obìnrin nígbà náà. Nítorí èyí, orúkọ tó wá láti inú èdè ojoojúmọ́ tó fún ọ̀pọ̀ nínú wọn: Golde, wúrà, Freyde, ayọ̀, Dobre, láti ẹnu àwọn Slav, rere. Ẹni tó bá tò orúkọ àwọn ìyá yìí jọ á rí gbogbo ibi tí ẹsẹ̀ wọn ti gbà kọjá, Ítálì, Jámánì, Póláńdì, tí orúkọ ọkùnrin kò lè fi hàn án bẹ́ẹ̀. Ohun tí a bá wọn pamọ́ sára obìnrin ni ẹ̀gbọ́n fẹ́ ká fi ẹ̀rín gbé sọnù.

Wọn ò sì fọwọ́ yẹpẹrẹ mú àkọtọ́ rẹ̀. Bí ọkọ bá fẹ́ kọ aya lábẹ́ òfin Júù, ìwé kan wà tó ń jẹ́ get. Bí wọ́n bá ṣi orúkọ kọ nínú rẹ̀, ìwé náà lè di asán, kí obìnrin náà ṣì wà lọ́rùn ọkọ. Èyí ló mú kí àwọn rábì kọ ìwé lórí ìwé nípa bí a ṣe ń kọ orúkọ kọ̀ọ̀kan, títí dórí lẹ́tà tó yẹ kó kẹ́yìn. Ẹ̀yin tí ẹ máa ń sọ pé àṣejù ni wàhálà tí àwa ń ṣe lórí àmì ohùn, ẹ gbọ́ ọ.

Báwo wá ni ọmọ bíbí ire ṣe di olófòófó? New York ló ti ṣẹlẹ̀. Ìwé ìròyìn Forverts, tí wọ́n dá sílẹ̀ níbẹ̀ ní 1897, ní aláwàdà kan, Jacob Adler, tó ń fi B. Kovner kọ̀wé (ẹ má ṣe pò ó pọ̀ mọ́ Adler òṣèré orí ìtàgé). Ní ẹ̀wádún 1910 ló dá obìnrin kan sílẹ̀ tó pè ní Yente Telebende, ẹlẹ́nu bí abẹ, tí kì í jẹ́ kí Mendl ọkọ rẹ̀ sinmi. Àwọn òǹkàwé fẹ́ràn rẹ̀, ó dé orí ìtàgé, ó dé inú àwo rẹ́kọ́ọ̀dù, orúkọ náà sì bẹ̀rẹ̀ sí í di èébú. Nígbà tó yá, eré olórin kan tí wọ́n fa yọ láti inú àwọn ìtàn Sholem Aleichem, òǹkọ̀wé Yiddish, dé Broadway, àwọn ilé ìtàgé ńlá New York, ní 1964, wọ́n sì pe obìnrin alárinà inú rẹ̀ ní Yente.

Ibẹ̀ ni arákùnrin wa tó wà ní Houston ti rí "Alárinà" tó fẹ́ kí á fi rọ́pò Òfòófóyẹmí. Ó sàn díẹ̀, àmọ́ kò tọ́. Shadkhn ni alárinà nínú Yiddish, shadkhnte bó bá jẹ́ obìnrin. Nínú ìwé Sholem Aleichem gan-an, ọkùnrin ni alárinà ọ̀hún, Efroyim lorúkọ rẹ̀. Àwọn ará Broadway ló sọ ọ́ di Yente.

Ẹ̀gbọ́n ní ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ ni ohun tí ẹnu ayé bá ń fi í ṣe. Ó lè rí bẹ́ẹ̀ fún ọ̀rọ̀ orúkọ tí a ń pe nǹkan. Ṣùgbọ́n ìyá arúgbó inú ìtàn yìí ti dàgbà ní Póláńdì kí wọ́n tó tẹ Forverts àkọ́kọ́. Ta ló fẹ́ sọ àwàdà New York fún un? Bàsírà ń kọ́? Orúkọ láti èdè Lárúbáwá ni, ìmọ̀ inú àti ojú tó ríran jìnnà ló ń sọ. Ní Èkó, ẹnu ti gbé Ìyá Bàsírà fún gbogbo olóúnjẹ abẹ́ àtíbàbà. Bí ará Póláńdì kan bá ń túmọ̀ ìtàn Yorùbá tí Bàsírà wà nínú rẹ̀, tó kọ "olóúnjẹ" síbi tí orúkọ yẹ kó wà, ṣé ẹ̀yin náà á pàtẹ́wọ́ fún un?

Ẹnì kan mú Yétúndé wá, pé Ye- ni méjèèjì fi bẹ̀rẹ̀. Ìró lásán nìyẹn. Òótọ́ kan wà tó lè gbè é díẹ̀: àwọn Júù Ashkenazi, ìyẹn àwọn Júù elédè Yiddish yìí, kì í fi orúkọ ẹni tó wà láàyè sọ ọmọ, òkú ni wọ́n ń fi sọ, nítorí náà Yente ìyá àgbà á kú, wọ́n á fi Yente sọ ọmọ-ọmọ. Ṣùgbọ́n ìrántí ni wọ́n ń ṣe. Wọn ò ní ìyá ti tún dé. Ẹ má jẹ́ ká gbé ìgbàgbọ́ tiwa wọ̀ wọ́n lọ́rùn.

Ìdí kan tún wà tí mi ò fi lè gba ọ̀rọ̀ yìí ní eré. Póláńdì ní Júù tó lé ní mílíọ̀nù mẹ́ta kí ogun àgbáyé kejì tó bẹ̀rẹ̀, àwọn Násì sì pa èyí tó pọ̀ jù nínú wọn. Nínú àkọsílẹ̀ orúkọ àwọn tí wọ́n pa, tí Yad Vashem, ilé ìrántí wọn, ń tọ́jú ní Jerúsálẹ́mù, àwọn Yente wà níbẹ̀. Ìyá ni wọ́n, ọmọbìnrin ni wọ́n, orúkọ náà sì ni ohun tó kù nípa òmíràn nínú wọn. Lónìí, àwọn ìdílé Hasidic, àwọn Júù tó di àṣà ẹ̀sìn mú ṣinṣin, ní Brooklyn ṣì ń sọ ọmọbìnrin ní Yenty. Lọ́dọ̀ àwọn Júù Amẹ́ríkà tó kù, èébú yẹn kò jẹ́ kí ẹni púpọ̀ lè sọ ọmọ bẹ́ẹ̀ mọ́. Àwàdà kan ti lé orúkọ yìí kúrò nílé tẹ́lẹ̀. Kò yẹ kó jẹ́ àwa la máa tún ilẹ̀kùn tì mọ́ ọn.

Àbúrò, Yente ni kí o kọ, bí wọ́n ṣe kọ ọ́ gan-an. Má fi àmì kankan sí i. Ọ̀rẹ́ wa ará Ìlọrin tó kọ ọ́ ní Yẹntẹ́ ti gbé ohùn òkè sí ìparí, bẹ́ẹ̀ sì rèé, sílébù àkọ́kọ́ ni wọ́n ń tẹ̀ mọ́. Bó bá di dandan, Yẹ́ńtẹ̀ ló sún mọ́ ọn. Ó ti kọ̀wé sí mi pé òun ò gbà, ó sì lè mú ẹ̀rí rẹ̀ wá síbí kí gbogbo wa rí i. Bí òǹkàwé bá nílò ìtumọ̀, fi Bíbíire sínú gbólóhùn kan ní ìbẹ̀rẹ̀ ìtàn, kó má ṣe gba ipò orúkọ lọ́wọ́ rẹ̀.

Ẹ̀gbọ́n, ìbéèrè kan ṣoṣo ni mo ní fún yín. Ẹ mú orúkọ kan wá tí ìwà burúkú wà níwájú -yẹmí nínú rẹ̀, tí bàbá kan sọ ọmọ rẹ̀ lójú agbo ẹbí ní ọjọ́ kẹjọ. Ẹ kọ ìlú tí wọ́n ti ń jẹ́ ẹ sí i pẹ̀lú.