Ẹjọ́ ìgbéga lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba: ibi tí ọ̀rọ̀ parí sí

Ẹ̀yin èèyàn mi, mo fẹ́ pa ìbéèrè mi dé. Mo ní: bí ọdún òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ bá pé fún ìgbéga, tí wọ́n fo orúkọ rẹ̀, ṣé kóòtù lè gbé e ga?

Kì í sábà rí bẹ́ẹ̀. Ọdún tó pé (2 fún ìpele 06 sísàlẹ̀, 3 fún 07 dé 14, 4 fún 15 sókè) kàn ń fún un láyè láti wọlé ìdánwò àti ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò ni. National Industrial Court, tí abala 254C ìwé òfin Nàìjíríà gbé irú ẹjọ́ yìí lé lọ́wọ́, máa ń wò ó bóyá wọ́n tẹ̀lé ìlànà. Bí wọn kò bá tẹ̀lé e, ó lè pàṣẹ kí wọ́n tún ọ̀rọ̀ rẹ̀ yẹ̀ wò. Nítorí náà, ẹ má bẹ̀bẹ̀ pé "kí kóòtù gbé mi ga" nìkan. Ẹ fi ti àtúnyẹ̀wò kún un.

Déètì ló ń ba ọ̀pọ̀ ẹjọ́ jẹ́. Lẹ́tà ìgbéga lè gbé oṣù kẹsàn-án lórí, kí ó wà nínú rẹ̀ pé láti ọjọ́ 1 oṣù kìíní ni. Láti ti inú yẹn ni kí ẹ ti bẹ̀rẹ̀ sí ka ọdún yín. Ẹ so lẹ́tà ìfìdímúlẹ̀ (pé iṣẹ́ yín ti dúró) àti fọ́ọ̀mù àyẹ̀wò iṣẹ́ ọdọọdún (tí wọ́n ń pè ní APER tẹ́lẹ̀) mọ́ ìwé ẹjọ́ yín, pẹ̀lú ẹ̀dà ìwé ẹ̀hónú tí ọ́fíìsì lu òǹtẹ̀ "a ti gbà á" sí. Láìsí òǹtẹ̀ yẹn, wọ́n á ní àwọn ò rí nǹkan kan gbà.

Ní ti gbèdéke oṣù 3 láti pe òṣìṣẹ́ ìjọba lẹ́jọ́, tó wà nínú òfin Public Officers Protection Act, Supreme Court ti ní kò kan àdéhùn iṣẹ́. Agbẹjọ́rò ìjọba á ṣì gbé e dìde ṣá, ẹ má fi falẹ̀.

Ẹ ṣeun, ó tán.